Obìnrin Tí Wọ́n Fi Pààrọ̀ Tábìlì

Bí ẹnikẹ́ni bá bi mí léèrè ohun tó kó mi nírìíra jù nínú gbogbo ọdún tí mo lò nídìí iṣẹ́ sinimá ní Kowloon, mi ò ní ronú jìnnà. Tábìlì kan ni, tábìlì igi dúdú olójú òkúta, pẹ̀lú àga mẹ́fà. Ọ̀gá mi fi obìnrin tó ń se oúnjẹ fún wa pààrọ̀ wọn, obìnrin náà kò sì mọ̀ pé wọ́n ti ta òun.

Èmi ni mo ń ra ẹrù fún ilé iṣẹ́ náà: igi, aṣọ, ọ̀dà, àtùpà, àti àwọn abọ́ tí tọkọtaya máa ń fọ́ nígbà tí wọ́n bá ń jà nínú sinimá. Kò tíì pẹ́ nígbà náà tí sinimá bẹ̀rẹ̀ sí sọ èdè Kántónì. Àwọn èèyàn ń sanwó wọlé kí wọ́n lè gbọ́ bí ọkọ àti ìyàwó ṣe ń bú ara wọn ní èdè tí àwọn náà fi ń bú ara wọn nílé. Ọ̀gá Tsui, tó ni ilé iṣẹ́ tó sì tún ń darí àwọn òṣèré fúnra rẹ̀, tètè rí i pé òun kò nílò ọba, òun kò nílò idà. Yàrá kan, ààrò kan, ìyá ọkọ kan, ó ti tó. Mi ò bá a jiyàn. Aṣọ ọba wọ́n. Ìjà orí ìrẹsì kò wọ́n.

Ilé ìkẹ́rù àtijọ́ la fi ń ṣiṣẹ́. A fi aṣọ ìbora onírun bo gbogbo ògiri rẹ̀ kí igbe àwọn tó ń kiri ọjà lójú pópó má bàa bọ́ sínú ohùn àwọn òṣèré. Nígbà ooru, àwọn aṣọ náà á mu òógùn gbogbo wa, wọn á sì máa rùn bí imú ajá. Ọ̀gá Tsui kò jẹ́ ká fọ̀ wọ́n rí. Ó ní omi lówó.

Mak Ngan-tsoi ni orúkọ obìnrin náà. Àǹtí Ngan ni gbogbo ilé iṣẹ́ ń pè é. Ọmọ Shun Tak ni, níbi tí gbogbo oko ti jẹ́ ti ewé tí kòkòrò sílíkì ń jẹ. Láti kékeré ni ìyá rẹ̀ ti mú un lọ sí ilé iṣẹ́ tí wọ́n ti ń fa òwú sílíkì, kó máa dúró ti abọ́ omi gbígbóná, kó máa fi ọwọ́ lásán wá orí òwú lára ilé kòkòrò tó ń hó nínú omi. Ó sọ fún mi pé òórùn òkú kòkòrò náà kì í kúrò lára. Èèyàn á wẹ̀, á tún wẹ̀, aládùúgbò á ṣì mọ ibi tó ti ń bọ̀. Ìka ọwọ́ rẹ̀ kò padà sí bó ṣe yẹ kó rí mọ́. Ó funfun, ó sì wú, bí ọwọ́ ẹni tó ń fọṣọ láti àárọ̀ dalẹ́.

Wọ́n fi ẹ̀gbọ́n rẹ̀ fọ́kọ. Láàárín ọdún kan, ẹ̀gbọ́n náà padà wá kí wọn pẹ̀lú eyín méjì tó ti kán, ìyá wọn sì ní kó padà sílé ọkọ rẹ̀ kí oúnjẹ alẹ́ má bàa pẹ́. Ngan rí gbogbo rẹ̀. Nígbà tó dàgbà tó, ó lọ síwájú òrìṣà Kwun Yam pẹ̀lú àwọn obìnrin ẹlẹgbẹ́ rẹ̀, ó ká irun rẹ̀ sókè bí ìyàwó ilé, ó sì búra pé òun kò ní fẹ́ ọkùnrin kankan láyé. Àwọn obìnrin báyìí pọ̀ lágbègbè wọn. Ìbúra náà kì í ṣe eré. Ẹni tó bá dà á, láyé àtijọ́, inú agbọ̀n tí wọ́n fi ń gbé ẹlẹ́dẹ̀ ni wọ́n máa ń dì í sí kí wọ́n tó jù ú sódò.

Nígbà tí ọjà sílíkì dojú dé, tí ilé iṣẹ́ ti ilẹ̀kùn, ó wá sí Hong Kong. Ó tọ́jú ọmọ fún olówó kan, ó se oúnjẹ fún òmíràn, kó tó di tiwa. Ẹja oníyọ̀ rẹ̀ dùn, ẹnu rẹ̀ sì mú. Mo gbọ́ tó ń sọ fún ọ̀dọ́kùnrin tó máa ń ṣe ọkọ nínú gbogbo sinimá wa pé, "Ìwọ tó o ti fẹ́ ìyàwó mẹ́rin lọ́dún yìí, o ò tíì mọ bí wọ́n ṣe ń gbé abọ́ tí wọ́n fi jẹun padà sílé ìdáná."

Ohun kan ṣoṣo ló ká a lára. Nílẹ̀ wa, ọmọbìnrin tí kò lọ́kọ kò gbọdọ̀ kú sínú ilé bàbá rẹ̀. Bí ẹ̀mí bá fẹ́ bọ́ lẹ́nu rẹ̀, wọ́n á gbé e síta, ì báà jẹ́ inú òjò. Nítorí náà ni òun àti àwọn obìnrin mélòó kan tí wọ́n jọ búra ṣe háyà yàrá kan lókè ilé ìrẹsì ní Yau Ma Tei, wọ́n sì to pẹpẹ sí igun rẹ̀. Ẹni tó bá ń ṣàìsàn, ibẹ̀ ló máa sùn sí. Ẹni tó bá kú, ibẹ̀ ni wọ́n á gbé pátákó orúkọ rẹ̀, tó dúró fún ẹ̀mí rẹ̀, sí, àwọn tó kù á sì máa tanná tùràrí fún un. "Àwọn kan ń rajà sílé," Ngan máa ń sọ, "èmi ń sanwó ibi tí mo máa kú sí."

Sinimá tí ọ̀rọ̀ yìí ti ṣẹlẹ̀ dá lórí akọ̀wé kékeré kan àti ìyàwó rẹ̀, àwọn méjèèjì pẹ̀lú ìyá ọkọ nínú yàrá tí wọ́n háyà. Wọ́n ń jà lórí èédú, wọ́n ń jà lórí ẹni tó máa kọ́kọ́ lo omi. Obìnrin tó yẹ kó ṣe ìyá ọkọ bá Ọ̀gá Tsui ṣe gbólóhùn asọ̀, ó sì bá ti rẹ̀ lọ. Ọ̀gá wo ọ̀tún, ó wo òsì, ojú rẹ̀ bà lé Ngan níbi tó ti ń ha ìsàlẹ̀ ìkòkò.

"Àǹtí Ngan, ẹ wá ràn mí lọ́wọ́. Ojú yín yìí, kò sí àtíkè tó lè ṣe irú rẹ̀."

"Ọ̀gá, mi ò ṣe ìyàwó ẹnikẹ́ni. Mi ò sì ṣe opó ẹnikẹ́ni. Ẹ mọ ohun tí mo jẹ́."

"Ta ló ní ìyàwó? Àǹtí ọmọkùnrin yìí lẹ máa ṣe. Àbúrò bàbá rẹ̀ tí kò lọ́kọ. Ṣé ẹ̀yin náà ò ní ọmọ ẹ̀gbọ́n ni?"

"Àǹtí nìkan?"

"Àǹtí nìkan. Mo fi ojú mi méjèèjì búra."

Ojú Ọ̀gá Tsui! Tí gbogbo ìbúra tó ti fi ojú yẹn bú bá jà, ọ̀pá ni ì bá máa fi wá ọ̀nà.

Lọ́jọ́ tí wọ́n ya ibi tí àǹtí náà ti ń kúnlẹ̀ níwájú pẹpẹ bàbá rẹ̀ tó kú, mo ti sọdá omi sí erékùṣù Hong Kong lọ ra aṣọ. Ọ̀sán ti pọ́n kí n tó dé. Ohun tí mo kọ́kọ́ rí ni tábìlì olójú òkúta yẹn, àga mẹ́fà yí i ká, àti pẹpẹ gidi onígi gbígbẹ́, irú èyí tó ń wà nílé ọlọ́lá. Mo wò wọ́n, mo sì mọ̀ pé iye tí a ó fi háyà wọn ju gbogbo ohun tí mo ti rà fún sinimá náà lọ. Ngan dúró níbẹ̀ nínú aṣọ dúdú, ó ṣẹ̀ṣẹ̀ dìde lórí ìkúnlẹ̀ níwájú pẹpẹ. Ìyá Yip, arúgbó tó ni ilé ìkẹ́rù tí a háyà, jókòó lẹ́bàá kámẹ́rà nínú ẹ̀wù pupa, bí ẹni tó wá síbi ìnáwó. Ngan, tó máa ń fún gbogbo àgbàlagbà ní tíì, da tíì sínú ife, ó sì fi ọwọ́ méjèèjì gbé e fún un. Ìyá Yip mu ún, ó nu ojú, ó sì yọ àpò ìwé pupa kékeré kan tí owó wà nínú rẹ̀, ó fi sí Ngan lọ́wọ́.

Kò sí ẹni tó yà lẹ́nu. Nídìí iṣẹ́ wa, ẹni tó bá ṣe òkú, tàbí tó fọwọ́ kan nǹkan òkú níwájú kámẹ́rà, a máa ń fún un ní àpò pupa kí aburú má bàa tẹ̀ lé e délé. Ngan tẹrí ba, ó gbà á, ó sì padà sídìí ìkòkò rẹ̀. Ìránṣẹ́ Ìyá Yip ti fi aṣọ wé pátákó orúkọ òkú tó wà lórí pẹpẹ, ó ti gbé e jáde.

Ní òwúrọ̀ ọjọ́ tí oṣù lé, tí àwọn obìnrin yàrá òkè ilé ìrẹsì kì í jẹ ẹran, àwọn ọkùnrin méjì gun àkàsọ̀ wọn pẹ̀lú odidi ẹlẹ́dẹ̀ sísun lórí àtẹ, wọ́n so aṣọ pupa mọ́ ọn lórí.

"Ilé ìyàwó Yip nìyí?"

"Ìyàwó ta?" ni Àǹtí Luk, àgbà wọn, béèrè.

"Ìyàwó Yip Kam-fai. Ìyá ọkọ ló fi ránṣẹ́. Ó ní ìyàwó ṣe dáadáa."

Ngan ló sọ èyí fún mi lọ́jọ́ náà gan-an, níbi tó jókòó sí lẹ́nu géètì ilé iṣẹ́ pẹ̀lú ẹní rẹ̀ àti àpótí rẹ̀. Ó ní ọ̀rá ẹlẹ́dẹ̀ náà kán sórí àkàsọ̀ láti ìsàlẹ̀ dókè, òórùn rẹ̀ sì gba gbogbo yàrá níwájú Kwun Yam. Kò sí ẹni tó nílò àlàyé. Bí ìyàwó tuntun bá ti dé ilé ọkọ, ẹlẹ́dẹ̀ sísun ni wọ́n fi ń ránṣẹ́ padà sílé rẹ̀.

"Wọ́n bi mí pé ṣé mo kúnlẹ̀ fún pátákó ọkùnrin. Mo ní Ọ̀gá sọ pé pátákó bàbá mi nínú eré ni. Bàbá Lau, mi ò mọ̀wé. Ẹ ti rí mi tí mo kàwé rí?"

"Kí ni Luk wá wí?"

"Ó ní, 'Gbé ẹrù rẹ. Yàrá yìí kì í gba ìyàwó oníyàwó.'" Ó fi ìka wíwú yẹn nu ojú. "Bí mo bá ṣubú lónìí, ẹ sọ fún mi, ibo ni wọ́n máa gbé mi lọ?"

Mo gba inú ilé lọ bá Ọ̀gá Tsui. Ó ń jẹ ẹ̀sẹ̀ adìyẹ, ó ń tu egungun rẹ̀ sórí ilẹ̀ tí Ngan máa gbá.

"Ọ̀gá, pátákó ta ni ẹ ní kí obìnrin yẹn kúnlẹ̀ fún?"

"Ti ọmọ Ìyá Yip tó kú. Kí ló dé?"

Kò tilẹ̀ fi bò. Ó ṣàlàyé fún mi bí ẹni ń ṣàlàyé iye ìṣó. Ikọ́ ló pa Kam-fai, kò sì níyàwó. Àbúrò rẹ̀ fẹ́ gbéyàwó, ṣùgbọ́n àbúrò kò gbọdọ̀ gun orí ẹ̀gbọ́n kọjá, kódà kí ẹ̀gbọ́n ti kú. Ará ilé ìyàwó sì ti ń wá ibòmíràn. Ìyá Yip ń wá obìnrin tí wọn á fi fún òkú náà ṣe aya. Ó gbọ́ pé Ọ̀gá Tsui ń wá tábìlì.

"Ó ní kí n kó gbogbo ohun tó wà ní pálọ̀ òun, lọ́fẹ̀ẹ́, bí obìnrin kan bá ṣáà lè kúnlẹ̀ kó sì gbé tíì fún òun, bí ìyàwó ṣe ń gbé e fún ìyá ọkọ lọ́jọ́ ìgbéyàwó. Lọ́fẹ̀ẹ́, Bàbá Lau! Ẹ̀yin tí ẹ máa ń ṣírò, ẹ ṣírò rẹ̀."

"Mo ti ṣírò rẹ̀. Ọkà tí adìyẹ yẹn jẹ kó tó kú wúlò jù yín lọ."

Ó rẹ́rìn-ín. Ó nu ọwọ́, ó sì fi bébà tí wọ́n ṣẹ̀ṣẹ̀ tẹ̀ hàn mí, èyí tí wọ́n máa lẹ̀ mọ́ ara ògiri kiri ìlú. Àwòrán Ngan ló wà níbẹ̀, lórí ìkúnlẹ̀, pẹ̀lú lẹ́tà gàdàgbà: Ẹ WÁ WO OBÌNRIN TÓ BÚRA PÉ ÒUN KÒ NÍ LỌ́KỌ, TÓ PADÀ RÍ ỌKỌ! Itọ́ kún mi lẹ́nu. Mo jáde kí n tó tu ú sí ibi tí kò yẹ.

Èmi àti Ngan jọ lọ sílé Ìyá Yip. Ngan ti ránṣẹ́ sí Àǹtí Luk pé kó wá fi etí ara rẹ̀ gbọ́. Òun àti obìnrin méjì mìíràn sì ti dúró lẹ́nu ọ̀nà, wọn kò wọlé, wọn kò kí wa.

"Ìyàwó wa dé!" ni Ìyá Yip kígbe. "Mo mọ̀ pé ìtìjú lásán ni. Wọlé, jókòó."

"Màmá, mi ò jókòó. Ẹ gba nǹkan yín." Ngan gbé àpò pupa náà kalẹ̀. Kò tíì ṣí i.

"Ohun tí ìyá ọkọ bá fún ìyàwó, wọn kì í dá a padà."

"Níbi iṣẹ́ wa, ẹni tó bá fọwọ́ kan nǹkan òkú ni wọ́n ń fún nírú rẹ̀. Ohun tí mo gbà á fún nìyẹn."

"Ṣé o kúnlẹ̀ àbí o ò kúnlẹ̀?"

"Mo kúnlẹ̀."

"Ṣé o fi ọwọ́ méjèèjì gbé tíì fún mi?"

"Mo gbé e fún yín. Mo gbé e fún káfíńtà, mo gbé e fún ẹni tó ń tan iná, mo gbé e fún Bàbá Lau tó dúró yìí. Ẹ kó gbogbo wọn jọ, kí ẹ sọ èwo nínú wọn ni ìyá ọkọ mi."

Ọ̀kan nínú àwọn obìnrin ẹnu ọ̀nà bú sẹ́rìn-ín. Àǹtí Luk ja á léèékánná.

"Kam-fai mi rẹwà," ni Ìyá Yip wí. "Ó mọ̀wé. Obìnrin tó jù ọ́ lọ ì bá yọ̀."

"Màmá, nígbà tí ẹ bí i, mo ti ká irun mi sókè tipẹ́. Bí mo bá bá a pàdé lọ́hùn-ún, ṣé èmi ni mo máa nu ikun imú rẹ̀ ni?"

Ojú ìyá náà yí padà. Ohùn oyin tó ti ń fọ̀ tẹ́lẹ̀ gbẹ. "Ta ni ẹ́? Ìránṣẹ́ tó ń rùn ẹja. Mo ń fún ọ lórúkọ, mo ń fún ọ ní ilé tí o máa kú sí, mo ń fún ọ ní ọmọ tí àbúrò Kam-fai bá bí tí yóò máa tanná tùràrí fún ọ. Àwọn wúńdíá gbígbẹ tó dúró sẹ́nu ọ̀nà yẹn, ta ló máa kù nínú wọn tó máa sin ọ́?"

Mo wo Ngan, mo sì rí i pé ọ̀rọ̀ náà wọlé. Gbogbo ohun tó ti ń fi iṣẹ́ ọwọ́ wá láti ọjọ́ tó ti kúrò nídìí omi gbígbóná ni arúgbó náà tò kalẹ̀ síwájú rẹ̀ yẹn, lọ́fẹ̀ẹ́. Èmi tí mo máa ń ṣírò, ì bá ṣòro fún mi láti kọ̀ ọ́.

"Àwọn náà ni mo bá búra," ni Ngan wí nígbẹ̀yìn. "Mi ò bá yín búra."

Ó yí padà sí Àǹtí Luk. Mo rò pé ó parí. Kò parí.

"A gbọ́," ni Àǹtí Luk wí. "O sọ ọ́ dáadáa. Ṣùgbọ́n kámẹ́rà ti rí ọ. Gbogbo ìgbà tí wọ́n bá tanná sí fíìmù yẹn, o tún máa kúnlẹ̀ fún ọkùnrin yẹn lójú gbogbo ayé. Ẹni tó ń kúnlẹ̀ fún ọkọ ní gbogbo ọjọ́ kò lè sùn níwájú Kwun Yam. Níwọ̀n ìgbà tí fíìmù yẹn bá wà, má wá."

Inú bí mi sí òun náà. Mo fẹ́ sọ fún un pé kì í ṣe òun ló ni ọ̀run. Ngan fà mí láṣọ. Ó ní, "Bàbá Lau, òótọ́ ló sọ."

Lọ́jọ́ kejì, ó kù kí wọ́n ya ìparí sinimá náà, níbi tí àǹtí náà ti máa fi ọwọ́ ìyàwó lé ọwọ́ ọkọ tí ìjà á sì tán. Gbogbo èèyàn ti dúró. Ngan jókòó sórí àpótí rẹ̀ lẹ́nu géètì, kò wọ aṣọ eré.

Ọ̀gá Tsui jáde sí i. "Àǹtí Ngan, iná ń jó, owó ń lọ."

"Ẹ gé ibi tí mo ti kúnlẹ̀ kúrò, kí ẹ fi lé mi lọ́wọ́. Mo máa wọlé."

"Gé e? Ẹ mọ iye tí fíìmù jẹ́? Ọkàn sinimá náà nìyẹn! Àwọn èèyàn máa sunkún níbẹ̀!"

"Kí wọ́n sunkún níbòmíràn."

"Màá wá ẹlòmíràn."

Èmi ni mo dá a lóhùn. "Ẹlòmíràn wo? Ojú Ngan ló wà nínú gbogbo rẹ̀ láti ìbẹ̀rẹ̀. Bí ẹ bá mú ojú mìíràn wá, ẹ máa yà á lákọ̀tun láti orí. Ilé sinimá ti kéde ọjọ́. Ọ̀gá, ẹ̀yin náà ẹ ṣírò rẹ̀."

Ó wò mí bí ẹni máa gbá mi létí. Ó pè mí ní arúgbó ọ̀dàlẹ̀, ó pe Ngan ní ohun tí mi ò ní kọ síbí. Ó bẹ̀ ẹ́, ó sọ̀kò ọ̀rọ̀ sí i, ó tún bẹ̀ ẹ́, ó ní òun á fi owó kún owó rẹ̀. Ngan ń wo àwọn tó ń kọjá lójú pópó. Nígbà tí ọkùnrin tó ń lo kámẹ́rà jáde wá sọ pé àtùpà kan ti jó tán, Ọ̀gá Tsui ní kí wọ́n gé e.

Wọ́n gé e nínú fíìmù tí wọ́n kọ́kọ́ yà, wọ́n gé e nínú ẹ̀dà rẹ̀, wọ́n sì fa àwọn bébà ara ògiri yẹn ya. Fíìmù tí wọ́n gé náà dà bí òkú ejò tí wọ́n ká jọ. Ngan wọlé, ó wọ aṣọ eré, ó fi ọwọ́ ìyàwó lé ọwọ́ ọkọ gẹ́gẹ́ bí wọ́n ṣe ní kó ṣe, kò sì ṣe é ní ìdajì. Lẹ́yìn náà ló bọ́ aṣọ náà, ó ká a, ó ká fíìmù náà há abíyá, ó ní òun ò se oúnjẹ mọ́.

Mo bá a gbé àpótí dé Yau Ma Tei. Àǹtí Luk àtàwọn yòókù sọ̀ kalẹ̀ sójú ọ̀nà lẹ́yìn ilé ìrẹsì. Ngan sọ fíìmù sínú agbada irin, ó ṣá ìṣáná. Kò sí ẹni tó ti sọ fún un bí nǹkan yẹn ṣe ń jó. Iná fò sókè ju orí wa lọ, gbogbo wa sá sẹ́yìn, èéfín òfeefèé tó ń ta nímú gba gbogbo ọ̀nà náà. Oníṣòwò ìrẹsì jáde, ó ń bú wa. Àǹtí Luk ń wúkọ́, omi ń bọ́ lójú rẹ̀, ṣùgbọ́n kò gbé ojú kúrò títí ohun tó wà nínú agbada fi di eérú dúdú kan báyìí.

"Ó tán?" ló béèrè lọ́wọ́ mi.

"Ó tán."

"Ngan, gbé ẹní rẹ wọlé. Mo ti fọ ọ̀rá ẹlẹ́dẹ̀ yẹn lórí àkàsọ̀ títí apá mi fi ro mí."

Sinimá náà jáde lọ́jọ́ tí wọ́n dá. Owó wọlé fún Ọ̀gá Tsui dáadáa, ó sì ń sọ kiri pé òun lòun mọ ìgbésí ayé tọkọtaya jù ní gbogbo Hong Kong. Mi ò lọ wò ó. Ọdún náà kò tíì parí tí Ìyá Yip fi rí ọmọbìnrin òrukàn kan láti abúlé tó fi fún òkú ọmọ rẹ̀, ọmọ tí ẹnikẹ́ni kò dúró fún lẹ́nu ọ̀nà. Àbúrò gbéyàwó. Wọ́n ní ìnáwó náà dùn.

Ngan lọ ń se oúnjẹ nílé ìwòsàn àwọn aláìsàn ojú. Ìbà ló mú un lẹ́yìn ọdún bíi mélòó kan. Mo gun òkè lọ kí i nígbà tó kù díẹ̀ kó kú. Wọ́n ti tẹ́ ẹní rẹ̀ sábẹ́ fèrèsé, Àǹtí Luk tó ti fọ́jú tán sì jókòó tì í, ó ń ya irun rẹ̀. Ibẹ̀ ló kú sí, nínú ilé, kò sí ẹni tó gbé e síta.